Ọjọ́ Tí Mo Kọ Sìdíkátù Níwájú Kámẹ́rà

Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ń wá sí ọ̀dẹ̀dẹ̀ mi ní Mónìyà, tí ẹ ń sọ pé, "Bàbá Gidi, eré la fẹ́ máa ṣe, ẹ bá wa gbàdúrà," mo ti gbàdúrà fún yín tó. Ó ku kí n bá yín sọ̀rọ̀. Iṣẹ́ tí ẹ rò pé ẹ̀rín àti àtẹ́wọ́ lásán ni yìí, ó fẹ́rẹ̀ẹ́ gba ìyàwó mi lọ́wọ́ mi, lọ́sàn-án gangan, níwájú bàbá tó bí i. N kò lù ú, n kò bú u, n kò ṣe ju iṣẹ́ tí wọ́n gbé fún mi lọ. Títí di òní, bí mo bá rántí, orí mi á wú.

Láṣísì ni bàbá mi sọ mí. Gidi ni aráyé sọ mí. Kíláàsì kẹta ni mo dé nílé ìwé kí oko tó fà mí jáde, ọmọ mi Múfú ló sì ń bá mi tún ohun tí mò ń kọ yìí ṣe. Ṣùgbọ́n kò sí ọ̀mọ̀wé kan láti Ọ̀jọ́ọ̀ títí dé Ìrókò tó lè wo ojú mi nínú fíìmù kó má sunkún nígbà tí mo bá ní kó sunkún. Ẹ jẹ́ kí n tètè sọ ọ́ pé n kò ṣe olórí òṣèré rí. Olórí òṣèré ni wọ́n máa ń lẹ àwòrán rẹ̀ mọ́ ara ògiri. Èmi ni àbúrò olówó. Èmi ni onílé tó ń lé ayálégbé, èmi ni dẹ́rẹ́bà tó mọ àṣírí ọ̀gá rẹ̀, èmi ni ìbátan tó ti oko dé tó ń jẹun ju onílé lọ. Ta ló ń yin iyọ̀ nínú ọbẹ̀? Ìgbà tí kò bá sí níbẹ̀ ni wọ́n ń pariwo. Ẹ yọ mí kúrò nínú fíìmù yòówù tí mo bá wà, kí ẹ tọ́ ọ wò.

Bí mo ṣe wọ iṣẹ́ kò ní ìtàn. Ẹgbẹ́ òṣèré kan wá ṣeré ní Mónìyà, mo tẹ̀ lé ọkọ̀ wọn, n kò padà. Ní ti owó, ẹ má wulẹ̀ bi mí. Bó bá jẹ́ owó ni ẹ ń wá, ẹ lọ máa ra gàrí ní Lálúpọn, kí ẹ máa tà á ní Ṣáṣá.

Ẹ̀kọ́ṣẹ́ ni kí n sọ fún yín, torí ẹ̀yin ò kọ́ṣẹ́, fóònù lẹ rà.

Ọ̀gá Bùsárì ni ọ̀gá mi. Ọkùnrin kúkúrú ni, fìlà rẹ̀ kì í kúrò lórí, ohùn rẹ̀ sì lè la igi. Ní gbogbo ìbẹ̀rẹ̀ tí mo wà lọ́dọ̀ rẹ̀, n kò sọ ọ̀rọ̀ kan lórí ìtàgé. Mò ń gbálẹ̀, mò ń pọnmi, mò ń ru ẹrù. Nígbà tó wá fún mi ní nǹkan ṣe, ó ní kí n dúró sẹ́nu ọ̀nà bí ẹni tó ń dúró de ẹni tí kò ní dé. Ìdúró lásán! Mo dúró, ó ní, "O ò dúró de ẹnikẹ́ni, ńṣe lo kàn gan síbẹ̀ bí òpó." Ó ní kí n jáde, kí n lọ dúró sójú títì Mónìyà, kí n má wọlé títí òun yóò fi wá mú mi. Mo dúró títí oòrùn fi kan àtàrí, mo dúró títí ó fi rọ̀, ojú mi ń wá a nínú gbogbo ọkọ̀ tó ń kọjá. Nígbà tó dé, ó wo ojú mi, ó ní, "Ẹ̀n-ẹ́n. Ojú yẹn ni mo ní kó o gbé wá."

Ọ̀gá Bùsárì kò fẹ́ràn ayédèrú. Ọ̀rọ̀ rẹ̀ àárọ̀ nìyẹn, ọ̀rọ̀ rẹ̀ alẹ́ nìyẹn. Bí eré bá ní kí a gbá ẹnì kan létí, a máa gbá a létí ni. Bí eré bá ní ebi ń pa wá, láti àárọ̀ la kò ní fẹnu kan nǹkan. Àwa kan wà tó jẹ́ pé a kì í lè sunkún, ni ọ̀kan nínú wa bá fi àlùbọ́sà pa ìka, ó fi ra ojú. Omi ojú ń dà wìì! Ọ̀gá sún mọ́ ọn, ó fa imú, kò bínú rárá. Ó bi í pé, "Àlùbọ́sà yòókù dà?" Ó mú un jáde. Ọ̀gá ní, "Ó yá, jẹ ẹ́ tán." Ọ̀rẹ́ wa jẹ àlùbọ́sà náà tèépo tèépo lójú gbogbo wa. Láti ọjọ́ yẹn, bí ọ̀gá bá ti sọ pé ẹkún, kálukú á rántí òkú ilé rẹ̀.

Nígbà tí mo fẹ́ ṣe alágbàṣe, ó rán mi lọ ro oko fún ẹni ẹlẹ́ni títí àtẹ́lẹwọ́ mi fi bó. Ó ní kí ọwọ́ mi lè mọ ohun tí ẹnu mi ń sọ ni. Ẹ fi ọ̀rọ̀ ọkọ́ yẹn sọ́kàn. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í fẹ́ràn ọkọ́ láti ìgbà náà, bí ọkàn mi bá ti dàrú, òun ni mo máa ń mú.

Ẹ̀kọ́ tó wá fẹ́ gba ìyàwó mi lọ́wọ́ mi, báyìí ni mo ṣe kọ́ ọ. Ìgbà àkọ́kọ́ tí wọ́n máa ní kí n ṣe ọkọ ẹnì kan nínú eré ni. Ọ̀gá pè mí.

"Láṣísì."

"Sà."

"Ṣé o ti níyàwó?"

"Mo ti ní, sà. Ọmọ Lálúpọn lọ́hùn-ún."

"Kí lorúkọ ẹ̀?"

"Sìdíkátù."

"Ó dáa. Sìdíkátù lorúkọ ìyàwó ẹ nínú eré yìí, òun náà sì ni nínú gbogbo eré tó o bá ti máa ṣe ọkọ. Bó o bá ń pe Àdùkẹ́ tó ò mọ̀ rí, ahọ́n ẹ á kàn máa wá a kiri ni. Pe ẹni tó o mọ̀. Bó o bá fẹ́ rẹ́rìn-ín, òun lo máa rí. Bó o bá fẹ́ bínú, òun náà lo máa rí."

Àṣà ẹgbẹ́ wa nìyẹn. Orúkọ ìyàwó tó wà nílé ni ìyàwó inú eré ń jẹ́. Sìdíkátù gan-an fẹ́ràn rẹ̀. Nígbà tí mo bẹ̀rẹ̀ sí í hàn lórí tẹlifíṣọ̀n, bó bá gbé gàrí rẹ̀ dé Ṣáṣá, àwọn aláta á máa sín mi jẹ: "Sìdíkátù tèmi! Sìdíkátù olójú ẹyẹlé!" Á rẹ́rìn-ín, á dá wọn lóhùn pé, "Ẹ fi ọkọ mi sílẹ̀, ẹ ra gàrí." Ta ni inú rẹ̀ kò ní dùn?

Orí ìtàgé ni a ti bẹ̀rẹ̀, lábẹ́ iná gáàsì. Níbẹ̀, bí o bá gbàgbé ọ̀rọ̀, àwọn èrò á rán ọ létí pẹ̀lú èébú. A wá dé tẹlifíṣọ̀n. Lẹ́yìn náà ni fíìmù orí kásẹ́ẹ̀tì dé, pẹ̀lú kámẹ́rà tí a ń gbé léjìká bí ìdajì àpò gàrí, àti jẹnẹrétọ̀ tí a ní láti gbé wọ inú igbó kí ariwo rẹ̀ má bàa bo ọ̀rọ̀ wa mọ́lẹ̀. Kámẹ́rà náà ló jẹ́ kí ọ̀gá wa máa lọ láti abúlé dé abúlé, torí pé kò fẹ́ ilé tí wọ́n fi pákó kàn. Ilé gidi ló fẹ́. Kò sì fẹ́ òṣèré tó lẹ irùngbọ̀n mọ́ àgbọ̀n láti fi ṣe àgbà. Àgbà abúlé gan-an ló máa ń ní kó jókòó.

Bàbá ìyàwó mi, Bàbá Lásùn, ń dá ẹ̀gẹ́ ní abúlé kan lẹ́yìn Lálúpọn. Gbogbo ìgbà tí mo bá lọ kí wọn ni wọ́n máa ń bi mí ní ìbéèrè kan náà.

"Láṣísì, iṣẹ́ wo lò ń ṣe gan-an?"

"Eré ni, Bàbá."

"Mo mọ̀ pé eré lò ń ṣe. Iṣẹ́ ni mo bi ọ́."

Ọ̀rọ̀ yìí máa ń dùn mí wọra. Èmi tí wọ́n pè lọ sí ilé iṣẹ́ rédíò n'Íbàdàn, tí mo sọ ọ́ kí gbogbo ayé gbọ́ pé, "Èmi kì í ṣeré o. Ẹni tó bá rí mi nínú fíìmù, èmi gan-an ló rí!" Bàbá Lásùn gbọ́ ọ, torí pé rédíò wọn kì í kúrò lẹ́gbẹ̀ẹ́ wọn nínú oko. Síbẹ̀, ìbéèrè wọn kò yí padà. Nítorí náà, nígbà tí Ọ̀gá Bùsárì ní òun ń wá abúlé tí a ó ti ya fíìmù kan, mo ní, "Ọ̀gá, ẹ jẹ́ kí a lọ sílé àna mi." Mo fẹ́ kí Bàbá fi ojú ara wọn rí iṣẹ́ ọwọ́ ọkọ ọmọ wọn. Ohun tó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ!

Nínú fíìmù náà, èmi ni àbúrò olówó. Ìyàwó mi ti fi nǹkan pamọ́ fún mi, mo sì fẹ́ kọ̀ ọ́ níwájú àwọn àgbà ẹbí. Ọ̀gá kó àwọn àgbà abúlé jókòó sórí bẹ́ǹṣì lábẹ́ igi mángòrò. Bàbá Lásùn jókòó sáàárín. Ààfáà Sálíù, lèmọ́ọ̀mù abúlé náà, jókòó sọ́wọ́ ọ̀tún wọn. Ọ̀gá kò fún wọn ní ọ̀rọ̀ kankan sọ, ó ní kí wọ́n kàn máa gbọ́ ẹjọ́ bí wọ́n ṣe máa ń gbọ́ ọ. Òṣèrébìnrin wa kúnlẹ̀ sílẹ̀. Sìdíkátù lorúkọ rẹ̀ nínú eré, ẹ ti mọ ìdí rẹ̀. Sìdíkátù tèmi, tó ti wá bá wa se oúnjẹ, dúró sẹ́nu ọ̀nà ilé bàbá rẹ̀ pẹ̀lú àwọn obìnrin, ó ń wò wá.

Mo sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀kan. Ọ̀gá kígbe.

"Gé e! Láṣísì, kí ni mò ń gbọ́ yìí? Ṣé ìyàwó lò ń kọ̀ ni àbí ẹ̀fọ́ lò ń ná?"

Àwọn àgbà rẹ́rìn-ín. Bàbá Lásùn rẹ́rìn-ín jù. Mo ní nínú ara mi pé, ó dáa, ẹ máa wò mí. Mo gbé ẹsẹ̀ kan síwájú. Mo rántí gbogbo ohun tó ti dùn mí láyé. Ojú mi pọ́n, ọwọ́ mi ń gbọ̀n, mo ṣí fìlà mi, mo sọ ọ́ mọ́lẹ̀.

"Sìdíkátù! Lónìí, níwájú àwọn àgbà wọ̀nyí, mo kọ̀ ọ́! Mo kọ̀ ọ́! Mo kọ̀ ọ́! Ó di ẹ̀ẹ̀mẹ́ta!"

Ẹ̀yin èèyàn mi, mo ṣe é! Mo mọ̀ ọ́n lára pé n kò ṣe irú rẹ̀ rí. Mò ń retí àtẹ́wọ́.

Obìnrin kan lẹ́nu ọ̀nà ní, "Láílàhà!" Bàbá Lásùn dìde.

"Mo gbọ́," ni wọ́n wí. "Gbogbo wa la gbọ́."

Wọ́n kọjá lára òṣèrébìnrin tó kúnlẹ̀, wọ́n kọjá níwájú kámẹ́rà, wọ́n lọ bá ọmọ wọn lẹ́nu ọ̀nà. "Sìdíkátù, wọlé."

Ẹ mọ ohun tí mo rò? Mo rò pé Bàbá ti wọ inú eré ni! Mo ní nínú ara mi pé, háà, bàbá yìí mọ̀ ọ́n ṣe o. Ọ̀gá pàápàá rò bẹ́ẹ̀. Mo gbọ́ tó ń sọ fún oníkámẹ́rà wúyẹ́wúyẹ́ pé, "Má gé e, má gé e, ó ń dùn."

Ààfáà Sálíù ló là wá lóye.

"Láṣísì, ṣé o mọ ohun tó o ṣe?"

"Mo mọ̀ ọ́n, Ààfáà. Ẹ̀yin náà ẹ rí i bó ṣe wọ̀ mí lára."

"Mo rí i. Yìgì yín já."

Ẹ̀rín ni mo kọ́kọ́ rín. Lẹ́yìn náà ni mo wo ojú wọn. N kò rí ẹni tó ń rẹ́rìn-ín. Ààfáà ní ìgbéyàwó àti ìkọ̀sílẹ̀ kò sí lára ohun tí Mùsùlùmí fi ń ṣàwàdà. Ẹni tó bá wí i tàwàdàtàwàdà, ó ti wí i. Mo pe orúkọ ìyàwó mi, ní ojúde bàbá rẹ̀, níwájú àwọn àgbà tí wọ́n so yìgì wa, òun náà sì ń gbọ́. Ẹ̀ẹ̀mẹ́ta ni mo sì wí i. Bí ó bá fi lè dúró bẹ́ẹ̀, Sìdíkátù kò ní lè padà sọ́dọ̀ mi mọ́, àfi bó bá fẹ́ ọkọ mìíràn tí ìyẹn náà sì kọ̀ ọ́.

Ọkọ mìíràn! Mo jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ fìlà mi. Mo sáré dìde, mo lọ kan ilẹ̀kùn.

"Bàbá, eré ni! Eré la ń ṣe!"

Bàbá Lásùn dá mi lóhùn láti inú ilé. "Eré kẹ̀? Ìwọ kọ́ lo sọ lórí rédíò pé o kì í ṣeré?"

Ẹyin lohùn. Ọ̀rọ̀ tí mo fi ń yangàn káàkiri ni wọ́n fi ti ilẹ̀kùn mọ́ mi.

Èmi nìkan ni mo padà sí Mónìyà. Múfú, tó ṣì kéré nígbà yẹn, ń bi mí pé, "Ìyá mi dà?" Kí ni mo fẹ́ sọ? Ṣé kí n sọ pé mo kọ̀ ọ́ nínú fíìmù? Àwọn ọlọ́kadà ti gbọ́, wọ́n ń pè mí ní "Ọ̀gbẹ́ni Ẹ̀ẹ̀mẹ́ta". Gbogbo ìgbà tí mo bá lọ bẹ Bàbá Lásùn, màá rí Sìdíkátù lọ́ọ̀ọ́kán níbi tó ti ń bẹ ẹ̀gẹ́. Kò gbọdọ̀ bá mi sọ̀rọ̀, èmi náà kò gbọdọ̀ sún mọ́ ọn. Á wò mí, á tún máa bẹ ẹ̀gẹ́ lọ. Ìyàwó tí mo sanwó orí rẹ̀, ẹ̀rù ń bà mí láti kí i!

Ààfáà Sálíù kì í ṣe ẹni tó ń kánjú. Ó lọ sọ́dọ̀ àwọn ààfáà àgbà n'Íbàdàn. Nígbà tó dé, ó fi ọjọ́ Àìkú kan sí i, lẹ́yìn ìrun Àsàrì, ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ ilé rẹ̀. Bó ṣe là á kalẹ̀ yé ọmọdé. Ó ní ẹni tó bá ń bá ìyàwó rẹ̀ ṣàwàdà, ìkọ̀sílẹ̀ mú un. Ṣùgbọ́n ẹni tó bá ń sọ ọ̀rọ̀ ẹlòmíràn, bí ẹni tó ń pa ìtàn, kò mú un.

"Ohun tá a fẹ́ mọ̀ kò ju ìyẹn lọ," ó wí. "Lọ́jọ́ náà, ṣé Láṣísì ló ń bínú sí Sìdíkátù, àbí ó ń sọ ọ̀rọ̀ ọkùnrin inú ìtàn?"

Mo ti mú ọ̀gá mi dání wá jẹ́rìí. Ọkàn mi balẹ̀. Wọ́n bi í.

Ọ̀gá Bùsárì tún fìlà rẹ̀ ṣe. "Ẹ̀yin àgbà, ẹ má bú iṣẹ́ mi o. Ẹgbẹ́ tèmi kì í ṣe ayédèrú. Ọ̀rọ̀ tí Láṣísì sọ lọ́jọ́ yẹn, láti inú ẹ̀dọ̀ rẹ̀ ló ti wá."

"Ọ̀gá!" Mo fà á láṣọ. "Ọ̀gá, ẹ jọ̀ọ́!"

"Má jọ̀ọ́ mi. Ṣé kí n wá torí ìyàwó ẹnì kan ba orúkọ tí mo ti ń kọ́ látìgbà èwe jẹ́?"

Ẹnu yà mí. Ẹlẹ́rìí tèmi ló ń rì mí mọ́lẹ̀!

Àgbà kan kọjú sí mi. "Láṣísì, ojú ẹ pọ́n lọ́jọ́ yẹn."

"Eré ni, Bàbá."

"Ọwọ́ ẹ ń gbọ̀n."

"Eré ni."

"Ṣé o lè wí i níbí yìí pé ayédèrú ni ojú pípọ́n àti ọwọ́ gbígbọ̀n náà?"

Mo la ẹnu. Ọ̀gá ń wò mí. Ohun tó tún yà mí lẹ́nu ju gbogbo rẹ̀ lọ nìyí: ọ̀rọ̀ náà kò jáde. Láti ọjọ́ tí wọ́n ti mú mi dúró sójú títì Mónìyà, kò sí ohun tí mo kọ́ ju kí n má ṣe ayédèrú lọ. Àwọn àgbà wo ara wọn.

Wọ́n ní kí a gbé kásẹ́ẹ̀tì wá kí àwọn wò ó. A gbé tẹlifíṣọ̀n sórí tábìlì, a tan jẹnẹrétọ̀. Mo rí ara mi. Kí n má purọ́, ó dùn! Àní nínú ìpọ́njú yẹn, mo fẹ́rẹ̀ẹ́ pàtẹ́wọ́ fún ara mi. Nígbà tí fìlà balẹ̀, àgbà kan mí kanlẹ̀, ó ní, "Eléyìí bínú." Òmíràn ní, "Kò sí àní-àní." Bí mo ṣe ń dára sí i nínú tẹlifíṣọ̀n ni ìyàwó ń lọ sí i lọ́wọ́ mi.

Ìgbà náà ni Sìdíkátù bẹ Ààfáà pé kí wọ́n jẹ́ kí òun sọ̀rọ̀.

"Ẹ dákun, ẹ dá a padà síbi tó ti ń pariwo yẹn."

A dá a padà.

"Ta lọkùnrin yìí?" ó bi wọ́n.

"Ọkọ rẹ ni," ni Bàbá Lásùn wí. "Àbí ojú ń dùn ọ́ ni?"

"N kò mọ̀ ọ́n, Bàbá. Ọkọ mi kì í pariwo. Bí inú bá bí Bàbá Múfú, ẹnu wọn ló máa ń pa dé. Wọ́n á mú ọkọ́, wọ́n á lọ sí ẹ̀yìnkùlé, wọ́n á máa ro ibi tí kò sí koríko. Bí ẹ bá pè wọ́n, wọn ò ní dáhùn. Ẹ wá wo eléyìí. Ó ń pariwo, ó ń na ìka, ó ń sọ fìlà mọ́lẹ̀. Fìlà tí mo fọwọ́ ara mi fọ̀! Èyí kì í ṣe ìbínú. Eré ni." Ó yíjú sí mi, ìgbà àkọ́kọ́ lọ́jọ́ náà. "Wọn ò tiẹ̀ mọ̀ ọ́n ṣe."

Gbogbo ọ̀dẹ̀dẹ̀ bú sẹ́rìn-ín. Ààfáà pàápàá fọwọ́ bo ẹnu.

Èmi? Èmi Gidi? Èmi kò mọ eré ṣe? Ní ojú ọ̀gá mi, ní ojú àna mi? Mo wá ọ̀rọ̀ tí màá sọ, n kò rí i. Èmi tí n kò gbàgbé ọ̀rọ̀ rí lórí ìtàgé! Mo dìde. Mo rí ọkọ́ kan tó fẹ̀yìn ti ògiri Ààfáà. Mo mú un, mo kọjá sí ẹ̀gbẹ́ ilé, mo bẹ̀rẹ̀ sí í ro.

Mo gbọ́ tí ẹ̀rín náà ń rọlẹ̀ díẹ̀díẹ̀. Bàbá Lásùn wá dúró tì mí.

"Láṣísì."

N kò dáhùn.

"Láṣísì, ìwọ ni mò ń bá wí."

Mò ń ro ó lọ. Ilẹ̀ tí mò ń ro, wọ́n ti gbá a mọ́ láàárọ̀ ọjọ́ náà, ewé kan kò sí níbẹ̀.

Bàbá wo ilẹ̀ náà, wọ́n kígbe padà sí ọ̀dẹ̀dẹ̀, "Ẹ jáde wá wò ó! Ẹ wá wo bí ọkùnrin yìí ṣe ń bínú!"

Gbogbo wọn jáde. Ààfáà Sálíù wo ọkọ́, ó wo ilẹ̀, ó wo ojú mi.

"Alihamudulilai," ó wí. "Ẹni tó ń bínú nìyí. Ti inú tẹlifíṣọ̀n yẹn, ọ̀rọ̀ ẹlòmíràn ló ń sọ. Yìgì kò já. Ṣùgbọ́n, Láṣísì, wàá fi ẹnu ara rẹ wí i kí gbogbo wa gbọ́."

Mo wo ọ̀gá mi. Mo wo Sìdíkátù. Mo gbé ọkọ́ sílẹ̀.

"Eré ni," mo wí. "Ayédèrú ni."

Ọ̀gá Bùsárì wọ bàtà rẹ̀, ó sì lọ. Ó pẹ́ kó tó tún bá mi sọ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n láti ọjọ́ náà, gbogbo ìyàwó inú eré wa, Àdùkẹ́ ni wọ́n ń jẹ́.

Bàbá Lásùn ní kí n máa mú ìyàwó mi lọ. Bí mo ṣe fẹ́ gbéra, wọ́n pè mí padà. Wọ́n ní, "Parí ibi tó o ti ń ro yẹn ná. Èyí tó o ṣe yẹn, iṣẹ́ ni." Wọn kò tún bi mí pé iṣẹ́ wo ni mò ń ṣe mọ́.

Ẹ má rò pé ọ̀gá yọ ibẹ̀ kúrò nínú fíìmù o. Ó fi í sílẹ̀, òun ni ayé sì fẹ́ràn jù. Sìdíkátù á jókòó ti gàrí rẹ̀ ní Ṣáṣá, wọ́n á máa fi mí hàn ní ìsọ̀ oníkásẹ́ẹ̀tì tó kọjú sí i, màá máa kọ̀ ọ́ láti àárọ̀ títí wọ́n á fi pa ọjà dé! Á ní kí oníkásẹ́ẹ̀tì dín ariwo rẹ̀ kù, àwọn oníbàárà òun kò gbọ́ iye tí òun ń pè.

Kásẹ́ẹ̀tì ti kọjá lọ. Kámẹ́rà tí mo sọ pé ó wúwo bí gàrí ti wọ inú fóònù tí ẹ ń tì bọ àpò. Ẹ̀yin ń ya fíìmù láàárín ìgbà tí ọ̀gá wa fi ń tún fìlà ṣe, bí ẹnì kan bá sì fẹ́ sunkún, ẹ óò fi omi sí i lójú. Orúnkún mi ló ní kí n fi iṣẹ́ sílẹ̀, kì í ṣe ẹ̀yin. Ẹ wá ọ̀gá tó le, kí ẹ kọ́ bí a ṣe ń dúró. Ṣùgbọ́n bí ẹ bá ti fẹ́ jáde nílé, ẹ fi orúkọ ilé sílé. Ẹ̀kọ́ tó kù kí ọ̀gá mi kọ́ mi nìyẹn. Ilé àna ni mo ti kọ́ ọ.

Ó ku nǹkan kan tó ṣì ń dùn mí. Láti gbogbo ọdún wọ̀nyí wá, n kò bi Sìdíkátù léèrè. Ẹ̀rù ń bà mí. Bí mo ṣe ń kọ ìwé yìí ni mo wá fi ọgbọ́n gbé ìbéèrè náà kalẹ̀, níbi tó jókòó sí tó ń ku gàrí.

"Ìyá Múfú, ọ̀rọ̀ tó o sọ nílé Ààfáà lọ́jọ́sí. Ṣé torí kí o lè bá mi lọ lo ṣe sọ ọ́, àbí lóòótọ́ ni pé n kò mọ eré ṣe?"

Kò gbójú sókè.

"Bàbá Múfú," ó wí, "bí ẹ bá mọ̀ ọ́n ṣe ni, ṣé ǹ bá ṣì wà nílé yìí?"

Mo dìde, mo mú ọkọ́ lára ògiri.